Òṣómàáló àti Leventis: Àlejò Méjì Tó Tajà fún Wa

Bí o bá wọ bọ́ọ̀sì lọ sí Erékùṣù Èkó, kí ọkọ̀ tó dé Àpọ́ńgbọ̀n ni kọ̀ndọ́ yóò ti máa pariwo pé, "Leventis ńkọ́? Leventis wà?" Ẹni tó bá fẹ́ sọ̀ kalẹ̀ á dáhùn pé, "Ó wà o!" Kò sí ẹni tó ń béèrè bóyá ènìyàn ni Leventis tàbí oúnjẹ, bóyá ó ti kú tàbí ó ṣì wà láàyè. Ibùdókọ̀ ni. Ọ̀rọ̀ parí.

Ní Adó-Èkìtì, orúkọ mìíràn ló wà lẹ́nu àwọn àgbà. Lọ dúró ti ènìyàn lọ́rùn lórí owó tó jẹ ọ́, kí o kọ̀, kí o má kúrò lẹ́nu ọ̀nà rẹ̀, kò ní pẹ́ tí yóò fi bi ọ́ pé, "Kí ló dé? Ṣé òṣómàáló ni ọ́ ni?" Èébú díẹ̀ wà nínú rẹ̀, ẹ̀rín díẹ̀ sì wà nínú rẹ̀.

Àlejò tó ń tajà ni ẹni àkọ́kọ́, àlejò tó ń tajà ni ẹnì kejì. Ọ̀kan di ibùdókọ̀, èkejì di ọ̀rọ̀ ẹnu. Ó pẹ́ tí mo ti ń rò ó pé ó yẹ kí ẹnì kan gbé àwọn méjèèjì sórí ìwọ̀n kan náà, kí á wo èyí tó tẹ̀wọ̀n jù lójú ará Èkìtì. Àwa la ra ọjà lọ́wọ́ wọn, àwa la sì sanwó.

Mo mọ̀ pé àwọn kan yóò ní wọn kì í ṣe ẹgbẹ́. Leventis, ẹnì kan ṣoṣo ni, tó ní orúkọ, tó ní ọjọ́ ìbí, tí wọ́n ya àwòrán rẹ̀. Òṣómàáló, ogunlọ́gọ̀ ni, ọ̀pọ̀ nínú wọn kò sì fi orúkọ sílẹ̀ níbì kankan ju inú ilé tiwọn lọ. Òótọ́ ni. Síbẹ̀, ohun tí àlejò gbé wá àti ohun tó gbé lọ ni onílé máa ń wò, ìyẹn sì ni mo fẹ́ wò.

Anastasios George Leventis ni orúkọ rẹ̀ ní kíkún. Ọdún 1902 ni wọ́n bí i ní Cyprus, erékùṣù tí àwọn tó ń ka Bíbélì mọ̀ sí Kípírù, ìlú Bánábà tó ta ilẹ̀ rẹ̀ tó kó owó náà wá síbi ẹsẹ̀ àwọn àpọ́sítélì. Gẹ̀ẹ́sì ló ń ṣàkóso Kípírù nígbà náà bí wọ́n ti ń ṣàkóso tiwa. Ọ̀dọ́mọkùnrin ni Leventis nígbà tó dé Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà ní àwọn ọdún 1920, tó ń ṣiṣẹ́ fún àwọn oníṣòwò mìíràn. Ní àwọn ọdún 1930 ó dá tirẹ̀ sílẹ̀ ní Gold Coast, èyí tí à ń pè ní Gánà lónìí, ó sì tọ́wọ́ bọ ọjà Nàìjíríà lẹ́yìn náà. Kò rọrùn. UAC, tí wọ́n fi àkópọ̀ àwọn ilé-iṣẹ́ ńlá dá sílẹ̀ ní 1929, ló di ẹnu ọjà mú. Ilé-iṣẹ́ John Holt náà kò sùn. Òyìnbó ni Leventis lójú wa, ṣùgbọ́n láàárín àwọn òyìnbó Gẹ̀ẹ́sì wọ̀nyẹn, àlejò ni òun náà.

Ó ta aṣọ, ó ta ọkọ̀, ó ṣí ṣọ́ọ̀bù ńlá ní Èkó. Ní 1951 ni ilé-iṣẹ́ Nigerian Bottling Company fi ẹsẹ̀ múlẹ̀ lábẹ́ rẹ̀. Nígbà tó di 1953, wọ́n ti ń rọ Coca-Cola sínú ìgò ní abẹ́ ilé Mainland Hotel ní Ẹ̀búté-Mẹ́ta, tirẹ̀ náà sì ni hòtẹ́ẹ̀lì yẹn. Ẹni tó bá ti wọkọ̀ láti Adó lọ sí Ìbàdàn rí yóò mọ ilé-iṣẹ́ kóòkì tó wà ní Aṣéjìrẹ́, níbi tí àwọn ọmọdé inú ọkọ̀ ti máa ń yọ orí síta. Bí ọ̀pọ̀ ará Èkìtì ṣe bá Leventis pàdé nìyẹn. Wọn kò dé ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ rí. Ibi ìsọmọlórúkọ ni wọ́n ti mọ̀ ọ́n, nínú ìgò tí orúkọ rẹ̀ kò sí lára rẹ̀.

Ní ti ṣọ́ọ̀bù, ẹni tí kò lówó lọ́wọ́ kò ní ohun tó ń wá níbẹ̀. N kò sọ èyí láti fi bú u. Bí irú ọjà bẹ́ẹ̀ ṣe rí ni: iye owó ti wà lára rẹ̀, o sanwó, wọ́n wé e fún ọ, o gba ilé lọ. Ẹni tó ta á fún ọ kò mọ abúlé rẹ. Kò mọ̀ bóyá kòkó rẹ so lọ́dún yìí tàbí kò so, kò sì sí ìdí tó fi yẹ kó mọ̀.

Òṣómàáló mọ̀.

Ọmọ Ìjẹ̀ṣà ni òṣómàáló, ogun Kírìjí ló sì là á lọ́nà dé ọ̀dọ̀ wa. Nínú ogun tó bẹ̀rẹ̀ ní 1877, tí wọ́n tọwọ́ bọ̀wé àdéhùn rẹ̀ ní 1886, tí àwọn ọmọ ogun kò sì tú ká tán títí di 1893, Èkìtì àti Ìjẹ̀ṣà ló jọ wà ní apá kan. Fábùnmi Òkè-Ìmẹ̀sí àti Ògèdèǹgbé Iléṣà ló jọ kojú Ìbàdàn. Nígbà tí ìbọn dákẹ́, ọ̀nà là. Ọmọ ẹni tó ru ìbọn gba ojú ọ̀nà yẹn kan náà, aṣọ ló rù. Reluwé dé Òṣogbo ní 1907, aṣọ òyìnbó sì di ohun tí kò jìnnà sí Iléṣà mọ́. Láti ibẹ̀ wọ́n á gba Ìtawúrẹ́, wọ́n á gba Arámọ̀kọ́, wọ́n á gba Ìgèdè àti Ìyìn wọ Adó. Àwọn mìíràn nínú wọn kò dúró títí wọ́n fi dé Òkè Ọya.

Ìwà wọn ló sọ wọ́n lórúkọ. "Òṣòó ni màá ló títí n ó fi gbowó mi." Kì í bínú, kì í nà ọ́, kì í pe ọlọ́pàá. Yóò lóṣòó sẹ́nu ọ̀nà rẹ ni.

Ìgbà òjò, nígbà tí kò sí kọ́bọ̀ lọ́wọ́ àgbẹ̀, ni ẹrù rẹ̀ máa ń dé. Yóò tú u sílẹ̀ ní ojúde, àwọn obìnrin á yí i ká, wọ́n á máa fọwọ́ pa aṣọ: kàǹpálà nìyí, gínì nìyí, àrán nìyí tó ń dán bí awọ ejò. Àgbẹ̀ á ní òun kò lówó. Òṣómàáló á ní ta ló bi ọ́ léèrè owó. "Gbé e lọ. Mú ohun tí o bá ní wá, ìgbà kòkó ni o ó san ìyókù." Ó kọ orúkọ sínú ìwé, bí òun alára kò bá mọ̀ ọ́n kọ, ọmọ tó ń bá a ru ẹrù á bá a kọ ọ́. Iye àwìn ju iye owó ọwọ́ lọ dáadáa. Gbogbo ènìyàn ló mọ̀, kò sì sí ẹni tó pè é ní olè. Nígbà tí kòkó bá wá gbẹ tán, tí àwọn oníkòkó ti gbé ìwọ̀n jáde, òṣómàáló á tún yọ lójú ọ̀nà. Kí àkùkọ tó kọ, kí onígbèsè tó gbé àdá, ó ti wà níwájú ilé.

Bàbá bàbá mi ra àrán lọ́wọ́ ọ̀kan nínú wọn, ní abúlé wa lójú ọ̀nà Ìlawẹ̀, láti fi ṣe òkú bàbá tirẹ̀. Lọ́dún náà òjò pọ̀ ju bó ṣe yẹ lọ, kòkó jẹrà lórí igi. Ọkùnrin náà dé, ó lóṣòó. Ó lóṣòó lọ́jọ́ kìíní, ó lóṣòó lọ́jọ́ kejì, àwọn ará ilé ń gba ẹ̀yìnkùlé jáde. Lọ́jọ́ kẹta ìyá bàbá mi kò lè fara da ojú àwọn aládùúgbò mọ́, ó gún iyán, ó gbé e fún un níbi tó lóṣòó sí. Ó jẹ ẹ́. Lẹ́yìn tó fọwọ́ tán ni ó tó dìde lọ bá bàbá bàbá mi lóko, tó fi ojú ara rẹ̀ rí kòkó tó dúdú lórí igi, wọ́n sì fi àdéhùn sí ọdún tó ń bọ̀. Owó náà pé nígbà tó yá. Títí ìyá àgbà fi wọ ilẹ̀, kò fẹ́ràn ọkùnrin náà. Àrán yẹn ló sì ń wọ̀ lọ sí gbogbo òde títí tó fi wọ ilẹ̀.

Àwọn baba wa ní ojú àlejò la ti ń jẹ gbèsè, ẹ̀yìn rẹ̀ la ti ń san án. Ti òṣómàáló kò rí bẹ́ẹ̀. Ojú àlejò la ti jẹ ẹ́, ojú àlejò náà la ti san án.

Ibi tí mo ń lọ rèé. Ta ló tún gbójú lé àgbẹ̀ Èkìtì láyé ọjọ́un débi pé ó gbé ọjà lé e lọ́wọ́ láìgba ohunkóhun ní ìdúró? Báńkì kò mọ̀ ọ́n. Bó bá tilẹ̀ mọ̀ ọ́n, ìwé ilẹ̀ ni yóò kọ́kọ́ béèrè, ta ló sì ní ìwé lórí ilẹ̀ ẹbí? Òṣómàáló kò béèrè ìwé. Ó wo oko, ó wo ọ̀rẹ́ ọkùnrin náà, ó wo bí ìyàwó rẹ̀ ṣe ń sọ̀rọ̀ sí i, ó sì gbé aṣọ fún un. Bí àgbẹ̀ bá kú sáàárín òjò àti ọ̀gbẹlẹ̀, bí kòkó bá jẹrà, òun náà ni yóò jẹ nínú òfò náà, torí pé òun pẹ̀lú jẹ gbèsè lẹ́yìn. Leventis tajà fún ẹni tó lówó. Òṣómàáló tajà fún ẹni tí yóò lówó. Ìyàtọ̀ tó wà láàárín gbólóhùn méjèèjì yìí ni aṣọ tí ọ̀pọ̀ ará Èkìtì fi ṣe ìyàwó, tí wọ́n fi sin òkú, tí wọ́n fi ran yunifọ́ọ̀mù ọmọ.

Kí ẹnikẹ́ni má rò pé mo ń yìn ín ju bó ṣe yẹ lọ. Ìtìjú ló fi ń gbowó. Ènìyàn tó bá ti rí àgbà ọkùnrin tó ń gba ojú fèrèsé jáde nínú ilé ara rẹ̀ kò ní pe iṣẹ́ yẹn ní iṣẹ́ àánú. Èlé tó wà lára àwìn kò sì kéré. Ṣùgbọ́n ẹ wo àwọn tó gba ipò rẹ̀ lónìí. Àwọn obìnrin Ọjà Ọba ní Adó mọ owó tí wọ́n ń pè ní gbomúlélántà. Kí ọ̀sẹ̀ tó yí po, wọ́n ti ń béèrè rẹ̀, òjò ni o, oòrùn ni o. Èyí tó tún burú jù ni ti orí fóònù: o yá owó táṣẹ́rẹ́, ọjọ́ san án kọjá, wọ́n fi àtẹ̀jíṣẹ́ ránṣẹ́ sí gbogbo ẹni tí nọ́ńbà rẹ̀ wà lọ́wọ́ rẹ, àti pásítọ̀, àti àna, pé olè ni ọ́. Òṣómàáló tó dójú tì ọ́, ojú ara rẹ̀ náà wà níbẹ̀, orúnkún ara rẹ̀ ló ń dùn ún. Ẹ kò lè gún iyán fún fóònù.

Ohun kan tún wà tí wọn kì í sábà kà mọ́ ọn. Ọmọ tó ń ru ẹrù tẹ̀ lé òṣómàáló, ẹ̀kọ́ṣẹ́ ló ń kọ́. Yóò sìn ín fún ọdún mélòó kan, yóò mọ ọ̀nà, yóò mọ oníbàárà, yóò mọ ẹni tí àwìn tọ́ sí àti ẹni tí kò tọ́ sí, ọ̀gá rẹ̀ á sì wá fún un ní ohun tí yóò fi bẹ̀rẹ̀ tirẹ̀. Rìn gba Òkè-Yínmi tàbí Ìjìgbò ní Adó lónìí, kí o wo ṣọ́ọ̀bù àwọn ọmọ Ìgbò tó ń ta ohun èlò ọkọ̀ àti ti iná: ọmọkùnrin kékeré tó ń gbálẹ̀ níbẹ̀ láàárọ̀, ọ̀nà kan náà ló wà. Àlejò ni wọ́n lọ́dọ̀ wa bí òṣómàáló ti jẹ́ àlejò. Ìlú tó bá fẹ́ mọ bí yóò ṣe bá wọn gbé, kó kọ́kọ́ rántí ẹni tó ti gbé ẹrù wá ṣáájú wọn.

Ó wá ku ti ọrẹ, èyí tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì ń gbé gẹ̀gẹ̀. Níbo ni èrè náà lọ?

Ti òṣómàáló kò ṣòro. Àjò kì í dùn kí onílé má relé. Ilé ló gbé e lọ. Owó tó jáde láti Ìgèdè, láti Ìyìn, láti Adó di òrùlé páànù ní Iléṣà, ó di ṣọ́ọ̀ṣì, ó di owó ilé-ìwé ọmọ. Ẹgbẹ́ Àtúnlùúṣe Ilẹ̀ Ìjẹ̀ṣà, tí àwọn oníṣòwò pọ̀ nínú rẹ̀, ló dá Ilesa Grammar School sílẹ̀ ní 1934. Ọdún kan ṣáájú ìyẹn, ní 1933, ni Àlùfáà Henry Dallimore, òyìnbó ajíyìnrere, bẹ̀rẹ̀ ilé-ìwé tó di Christ's School ní Adó. Mo máa ń fi ọdún méjèèjì síra wọn. Nígbà tí àwa ń kó owó ṣọ́ọ̀ṣì jọ fún ilé-ìwé tiwa, owó aṣọ wa wà lára ohun tó ń gbé ilé-ìwé àwọn ará Iléṣà dìde. Bí ó bá dùn yín, ó dùn mí náà nígbà tí mo kọ́kọ́ rò ó.

Ìgbà tó yá ni mo wá rántí tiwa. Olóyè Afẹ́ Babalọlá, ọmọ Adó, Ìbàdàn ló ti ṣí ilé-iṣẹ́ amòfin rẹ̀ ní 1965, Ìbàdàn ló ti di olówó àti olókìkí. Ní 2009, Adó ló gbé yunifásítì rẹ̀ wá, ilé-ìwòsàn ńlá sì tẹ̀ lé e. Kò sí ará Ìbàdàn tó wá lóṣòó sí Adó pé kí wọ́n dá owó àwọn padà. Amòfin kọ́ ni òṣómàáló, aṣọ kọ́ ni òfin, ṣùgbọ́n ìrìn kan náà ni. Ọmọ ẹni kì í ṣèdí bẹ̀bẹ̀rẹ̀ ká fi ìlẹ̀kẹ̀ sí ìdí ọmọ ẹlòmíràn. Bí a bá fi òwe yẹn gbè sẹ́yìn ara wa, kí á má fi dá Ìjẹ̀ṣà lẹ́bi.

Leventis náà kò yà kúrò nínú òwe yẹn. Ó kú ní 1978. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, 1979, wọ́n dá A.G. Leventis Foundation sílẹ̀ láti máa fi ọrọ̀ tó fi sílẹ̀ ṣe ọrẹ. Ilé ló kọ́kọ́ jàǹfààní rẹ̀: Cyprus àti ilẹ̀ Gíríìkì, ohun ìṣẹ̀ǹbáyé wọn, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wọn. Ilé ọnà ńlá kan wà ní Nicosia, olú-ìlú Cyprus, tó ń jẹ́ orúkọ Leventis títí di òní. Nígbà tí mo kọ́kọ́ gbọ́ ọ, ẹ̀rín pa mí. Òṣómàáló mìíràn tún rèé, tó kó owó kóòkì wa relé.

Àmọ́ ẹ má tíì rẹ́rìn-ín tán. Owó yẹn padà wá. Àwọn ilé-ẹ̀kọ́ àgbẹ̀ wà ní Nàìjíríà tí Leventis Foundation ń gbọ́ bùkátà wọn, níbi tí àwọn ọ̀dọ́ ti ń fi ọdún kan kọ́ iṣẹ́ oko: Dogon Dawa ní Kàdúná, Panda ní Kánò, àti àwọn mìíràn. Ní Jos, ilé ìwádìí kan wà lábẹ́ yunifásítì ibẹ̀ tó ń jẹ́ orúkọ ẹbí Leventis, ẹyẹ ni wọ́n ń kọ́ nípa rẹ̀ jù níbẹ̀. (Ẹni tó bá sọ fún òṣómàáló pé wọn yóò ná owó ọjà lórí ẹyẹ, yóò rò pé orí rẹ̀ ti dàrú.) Èyí tó kọ́kọ́ yọ nínú àwọn ilé-ẹ̀kọ́ àgbẹ̀ wọ̀nyí, ẹ bá mi wá ìlú tí wọ́n gbé e sí.

Iléṣà.

Ẹ̀ẹ̀mejì ni Iléṣà jẹ ẹ́. Ó kó èrè àwìn lọ, ó tún gba ẹ̀bùn ará Kípírù. Àwa tó ra àrán, tó mu kóòkì, a wà lókè ibí, a ń wo ọ̀nà Ìtawúrẹ́. Kódà, nígbà tí àwọn ọmọ Iléṣà fẹ́ fi owó òwò dá ilé-iṣẹ́ ńlá sílẹ̀, inú ìgò náà ni wọ́n bá a lọ: Olóyè Lawrence Omole dá International Breweries sílẹ̀ ní 1971, ọtí Trophy sì di ohun tí a kò lè ṣe òkú láìsí i. Àwọn méjèèjì, ará Kípírù àti ọmọ Ìjẹ̀ṣà, orí tábìlì òkú ní Adó ni wọ́n ti pàdé.

Ẹnì kan lè bi mí pé kí ló dé tí àlejò kì í fi gbogbo ọrọ̀ rẹ̀ sílẹ̀ níbi tó ti rí i. Ẹ̀rù ni. Oníṣòwò tó jẹ́ àlejò kò mọ ọjọ́ tí ilẹ̀ yóò lé e. Ní oṣù Kọkànlá 1969, ìjọba Busia ní Gánà fún àwọn àlejò tí kò ní ìwé ìgbélùú ní ọ̀sẹ̀ méjì kí wọ́n fi jáde. Ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́, ọmọ Ọ̀ffà, ọmọ Ìnísà tó ti ń tajà níbẹ̀ láti ìgbà bàbá rẹ̀ fi ṣọ́ọ̀bù àti gbèsè tí wọ́n jẹ ẹ́ sílẹ̀, kò sí àyè àtilóṣòó. Ọdún mẹ́ta lẹ́yìn náà, ní 1972, ìjọba Gowon ṣòfin tó fi ọjà títà kéékèèké sílẹ̀ fún ọmọ Nàìjíríà nìkan, àfi ti ṣọ́ọ̀bù ńláńlá. Ihò tóóró yẹn ni irú Leventis gbà kọjá. Ní 1983 àwa náà lé àwọn ará Gánà, a sì fi "Ghana Must Go" sọ báàgì wọn lórúkọ, báàgì tó ṣì wà lọ́jà títí di òní. Ẹni tó bá ń gbé lórí irú ilẹ̀ bẹ́ẹ̀, bó bá fi owó ránṣẹ́ sílé, ọgbọ́n ló gbọ́n.

Síbẹ̀ náà, àwọn kan ṣe é lọ́nà mìíràn. Mohammed Shitta, ọmọ Yorùbá tí wọ́n bí sí Sàró, tó fi òwò odò Ọya di ọlọ́rọ̀, Èkó tó ń gbé ló kọ́ mọ́ṣáláṣí rẹ̀ sí. Wọ́n ṣí i ní 1894, níṣojú Gómìnà Carter, Sùlútánì Tọ́kì sì fi oyè Bey dá a lọ́lá. Ó ti dúró sí ọ̀hún láti ìgbà náà. N kò ní pẹ́ lórí rẹ̀, torí pé Shitta-Bey ti pinnu pé Èkó ni ilé òun. Òṣómàáló kò pinnu bẹ́ẹ̀ nípa Adó. Leventis kò pinnu bẹ́ẹ̀ nípa Èkó.

Ta ló wá tẹ̀wọ̀n jù? Bí a bá ka ohun tí a lè fọwọ́ kàn, Leventis ni. Ilé-ẹ̀kọ́ rẹ̀ wà níbẹ̀, ẹni tí kò mu kóòkì rí lè wọ̀ ọ́, ẹ̀bùn náà sì ń lọ lẹ́yìn tí òun alára ti kú. Òṣómàáló kò fi irú nǹkan bẹ́ẹ̀ sílẹ̀ fún wa ní àárín gbùngbùn Èkìtì. Síbẹ̀, lójú tèmi, òṣómàáló ló tẹ̀wọ̀n jù fún wa. Ẹ̀bùn Leventis jáde nígbà tí ọrọ̀ ti pọ̀ débi pé ó ṣẹ́kù. Òṣómàáló fún wa ní àwìn nígbà tí òun náà jẹ gbèsè, kò pè é ní ọrẹ, kò retí ọpẹ́, a kò sì dúpẹ́. Ó gbà pé ẹni tí ìjọba àti báńkì kò kà sí, ẹni tó ṣe é fọkàn tán ni. Nígbà tí mo bá ronú lórí ohun tí èyí ṣe fún àgbẹ̀ kan ní abúlé lójú ọ̀nà Ìlawẹ̀, tó rí aṣọ fi ṣe òkú bàbá rẹ̀ lọ́dún tí kòkó jẹrà, n kò rí ilé-ẹ̀kọ́ tí mo lè fi ṣe pàṣípààrọ̀ rẹ̀. Pé mo fẹ́ kó padà wá kọ́ o. Mo ti sọ pé ìyá àgbà kò fẹ́ràn rẹ̀.

Ní Adó, àdúgbò kan ń jẹ́ Dallimore nítorí àlejò tó kọ́ wa níwèé, ó sì yẹ bẹ́ẹ̀. Ní Èkó, kọ̀ndọ́ ń pe Leventis lójoojúmọ́. N kò mọ òpópónà kan tó ń jẹ́ Òṣómàáló ní gbogbo Èkìtì, Ilẹ̀ Uyì, Ilẹ̀ Ẹ̀yẹ. Ẹ̀yin tí ẹ ń fún òpópónà lórúkọ nílùú, ọ̀nà tó ti Ìyìn wọ Adó ni wọ́n fi ẹsẹ̀ là. Kékeré kan níbẹ̀ tó.

Ẹ̀yin ọmọ òṣómàáló ní Iléṣà, tí ìwé gbèsè bàbá yín bá ṣì wà nínú àpótí, ẹ jọ̀wọ́, ẹ má sun ún. Ibẹ̀ nìkan ni a ti lè rí orúkọ àwọn àgbẹ̀ wa, abúlé kan sí èkejì, pẹ̀lú aṣọ tí oníkálukú rà àti ọdún tó rà á. Bí ẹ bá sì bá orúkọ bàbá bàbá mi níbẹ̀, tí ẹ sì rí i pé owó náà kò pé tán, ẹ máa bọ̀. Ẹ kò ní lóṣòó. A ó gbé àga fún yín.